Èdè Tí Bàbá Mi Fi Jí

"Wia mai slipas?"

Ohun tí bàbá mi kọ́kọ́ sọ nìyẹn nígbà tó la ojú lórí bẹ́ẹ̀dì ọsibítù ní Ọ̀wọ̀. Mo wo ẹ̀yìn mi. Mo rò pé aláìsàn tó wà ní bẹ́ẹ̀dì kejì ló ń béèrè bàtà rẹ̀, ṣùgbọ́n ẹni yẹn ń sùn, ó ń hanrun ní tirẹ̀. Mo yíjú padà, mo rí i pé ẹnu bàbá mi ló ń mì.

"Wia mai slipas, a se?"

Ẹ̀yin tí ẹ kò mọ bàbá mi lè rò pé àṣejù ni mò ń ṣe. Bí ẹ bá mọ̀ ọ́n, ẹ̀yin náà á fò dìde lórí àga. Dominic Akínwọlé ni orúkọ rẹ̀, ṣùgbọ́n kò sẹ́ni tó ń pè é bẹ́ẹ̀ ní Ọ̀wọ̀. Pírínsípà ni gbogbo ìlú mọ̀ ọ́n sí, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ó ti pẹ́ tó ti fẹ̀yìn tì. Ní ilé-ìwé rẹ̀, akẹ́kọ̀ọ́ tó bá sọ bùrókìn, Gẹ̀ẹ́sì tí wọ́n ní ó fọ́ yẹn, máa gé koríko títí ọwọ́ rẹ̀ á fi bó. Nílé, kì í na ẹnikẹ́ni. Ó kàn ní òfin kan ni: ẹni tó bá fi bùrókìn béèrè nǹkan, a ò gbọ́ ohun tó wí. Ìbáà ṣe omi, ìbáà ṣe oúnjẹ, ìbáà ṣe pé ejò wà ní bálùwẹ̀. Ó ní èdè gáréèjì ni, èdè ẹni tí kò nílé tí kò lọ́nà. Gẹ̀ẹ́sì tó mọ́ gaara àti ọ̀rọ̀ Ọ̀wọ̀ pọ́nńbélé nìkan ló gbà láyè. Bí a bá ti Àkúrẹ́ dé tí a wá ń sọ pé "ilé", á ní, "Ulé! Ọmọ Ọ̀wọ̀ ni ọ́. Ulé là ń pè é." Àwọn tí wọ́n bí sínú ààfin gan-an kò ṣe Ọ̀wọ̀ tó bàbá mi.

Nọ́ọ̀sì tó ń tún dírìpù rẹ̀ ṣe rẹ́rìn-ín. "Papa, yọ slipas dẹ ọnda bẹd."

Bàbá mi náà rẹ́rìn-ín sí i. Ẹ̀gbẹ́ kan ẹnu rẹ̀ kò gbéra, ṣùgbọ́n ẹ̀gbẹ́ kejì rẹ́rìn-ín dáadáa. "God blẹs yu, mai dọta," ló wí.

"Ṣé ìhà Wàrí ni bàbá ti wá ni?" nọ́ọ̀sì bi mí.

"Ọmọ Ọ̀wọ̀ ni wọ́n!" Ohùn tí mo fi dá ọmọ ọlọ́mọ lóhùn kò dára rárá.

Dókítà pe èmi àti Adégbénga ẹ̀gbọ́n mi wọ ọ́fíìsì. Adégbénga ti sáré wá láti Àkúrẹ́ níbi tó ti ń ṣiṣẹ́ ìjọba. Ọ̀gá ni níbẹ̀, ó sì máa ń rìn bí ọ̀gá. Dókítà ṣàlàyé pé àrùn rọpárọsẹ̀ náà ti kan ibi tí ọ̀rọ̀ ń gbé nínú ọpọlọ. Ó ní Bàbá ń gbọ́ gbogbo ohun tí a bá sọ, ìbáà jẹ́ Yorùbá, ìbáà jẹ́ Gẹ̀ẹ́sì, àtisọ ló di ìṣòro. Ó ní nígbà mìíràn, èdè tí wọ́n fi tọ́ ènìyàn ní kékeré ló máa ń kọ́kọ́ padà. Ìyókù lè máa bọ̀ díẹ̀díẹ̀, ó sì lè má bọ̀ mọ́.

"Èdè wo ni wọ́n fi tọ́ bàbá?" ó béèrè.

"Èdè Ọ̀wọ̀," èmi àti Adégbénga dáhùn lẹ́ẹ̀kan náà.

Dókítà kò jiyàn. Ó ní kí a ṣá máa bá wọn sọ̀rọ̀, kí a jẹ́ kí wọ́n sọ èyí tó bá wá sẹ́nu wọn.

Ẹ ò bá gbọ́ Adégbénga nínú ọkọ̀! "Ọmọdé ni dókítà yẹn. Ṣé bùrókìn la fẹ́ fi wo Pírínsípà sàn? Bí a bá ń dá wọn lóhùn, ibẹ̀ ni wọ́n máa jókòó sí, Yorùbá wọn ò ní padà mọ́ láéláé." Ó gba ìsinmi lẹ́nu iṣẹ́, ó kó ẹrù rẹ̀ wá sílé tí èmi àti Bàbá ń gbé, ó sì gbé òfin bàbá mi dìde, ó gbé e lé bàbá mi lórí.

Báyìí ló ṣe rí. Bàbá mi jókòó sórí kẹ̀kẹ́ aláìsàn nínú yàrá rẹ̀. Ó ní, "Gbenga, abẹg, wọta." Adégbénga di ife omi mú, ó dúró níwájú rẹ̀ bíi tíṣà. "Bàbá, ẹ sọ ọ́ dáadáa. Omi. Ẹ ní 'omi'." Bàbá mi la ẹnu. Mo rí i bí iṣan ṣe yọ sí i lọ́rùn. "Wọ... wọta." Adégbénga ní, "Omi, Bàbá." Òógùn bo bàbá mi. Ó wo ife yẹn, ó wo ọmọ rẹ̀, ó yí ojú sí ògiri. Mo já ife gbà, mo gbé e sí i lẹ́nu, ṣùgbọ́n ó ti pa ètè dé. Kò mu ún.

Mo bú Adégbénga bí ẹni pé èmi ni ẹ̀gbọ́n. Ó ní ìfẹ́ tí òun ní sí Bàbá ló jẹ́ kí òun ṣe é. Ohun tó burú níbẹ̀ ni pé òótọ́ ló ń sọ. Mo bá a nínú kíṣìnnì tó ń sunkún.

Láti ọjọ́ yẹn, bàbá mi ò sọ ohunkóhun mọ́. Kì í ṣe bùrókìn, kì í ṣe Yorùbá. Ṣíbí kan, ṣíbí méjì, ó ti mú orí kúrò nídìí oúnjẹ. Aṣọ bẹ̀rẹ̀ sí í ṣò lára rẹ̀. Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀ àtijọ́ ń wá, àwọn ará ìjọ ń wá, Adégbénga sì ń dá wọn dúró ní pálọ̀: "Bàbá ń sùn. Wọn ò tíì lè sọ̀rọ̀." Èmi náà bá a pa irọ́ yẹn fún Fadá fúnra rẹ̀. Kí la fẹ́ sọ? Pé Pírínsípà ń sọ bùrókìn? Gbogbo Ọ̀wọ̀ á ti gbọ́ kí àlejò tó dé ilé rẹ̀.

Mo gbìyànjú láti bá a sọ bùrókìn nígbà tí Adégbénga kò sí nítòsí. Èmi tí mò ń ṣiṣẹ́ ní káńsù, tí mò ń gbọ́ ọ lẹ́nu àwọn awakọ̀ lójoojúmọ́, ahọ́n mi kò yí i. Ó ń jáde bí ìgbà tí òyìnbó bá ń kí ènìyàn "ẹ kú àárọ̀". Bàbá mi ò tilẹ̀ wojú mi. Ẹ̀rù bà mí gidigidi. Mo mọ̀ pé bí a bá ń bá a lọ báyìí, bàbá mi máa kú mọ́ wa lọ́wọ́, kò sì ní jẹ́ àrùn náà ló pa á.

Ní ọjọ́ Àìkú kan, mo ṣẹ̀ṣẹ̀ ti Máàsì dé, ọ̀kadà kan gbé ìyá arúgbó kan wá sẹ́nu géètì wa. Ó borí bíi Mùsùlùmí, ó ga, ó gbẹ, ó sì mú ọ̀pá dání. Kò fi ọ̀pá náà tilẹ̀ o, ó fi ń gbá géètì ni. Adégbénga jáde sí i, ó ní Bàbá ń sùn, kí wọ́n ṣáà sọ orúkọ wọn, a ó bá wọn jíṣẹ́.

Ìyá náà ṣe bí ẹni pé kòkòrò ló ń kùn létí òun. Ó gbé ojú sókè sí fèrèsé, ó pariwo. "Tahir! Tahir o! Na mi!"

Mo ti ń múra láti sọ fún un pé ó ṣìlé. Ilé Kátólíìkì ni tiwa, kò sí Tahir níbẹ̀. Àfi bí ohùn kan ṣe jáde láti inú yàrá, ohùn tí a kò gbọ́ fún ìgbà pípẹ́, ohùn tó le koko.

"Sẹfi! Sẹfi, dẹm don lọk mi fọ hia! Kọm kari mi!"

Adégbénga fi géètì sílẹ̀, ìyá náà sì gba ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kọjá bí onílé. Nígbà tí a fi máa wọ yàrá, ó ti jókòó sí etí bẹ́ẹ̀dì, ó di ọwọ́ bàbá mi tó ti rọ mú. Àwọn méjèèjì ń sọ̀rọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà. Ó ń bú bàbá mi pé kò ránṣẹ́ sí òun, bàbá mi ń bú u pé ó pẹ́ kó tó wá. Ó sọ nǹkan kan, bàbá mi bú sẹ́rìn-ín, ó rín in títí ó fi wúkọ́. N kò rí erìgì bàbá mi rí láti ọjọ́ tí wọ́n ti bí mi. Ọjọ́ yẹn ni mo rí i.

"Màmá, ẹ jọ̀ọ́, ta ni yín?" mo béèrè.

"Ṣẹ̀fíátù ni mí." Yorùbá rẹ̀ já geere, ṣùgbọ́n ohùn rẹ̀ gba ọ̀nà mìíràn. "Àbúrò mi nìyí. Ìyá kan, bàbá kan. Ẹ̀yìn mi yìí ni mo fi pọ̀n ọ́n."

"Bàbá mi ò ní ẹ̀gbọ́n," Adégbénga wí.

"O ti rí mi báyìí."

Wọ́n ní ohun tó wà lẹ́yìn ẹ̀fà ju èje lọ. Màmá Ṣẹ̀fíátù sọ fún wa pé inú kám̀pù àwọn tó ń la gẹdú ni wọ́n bí àwọn sí, nínú igbó tó wà lẹ́yìn Òkélúsè. Ìgbìrà ni bàbá wọn, ó bá àwọn ará rẹ̀ wá la pákó. Ìsókó ni ìyá wọn, àwọn èèyàn rẹ̀ ń kọ ọ̀pẹ nínú igbó kan náà. Àwọn ará Edo wà níbẹ̀, àwọn Ìgbò wà níbẹ̀, àwọn ọmọ Ọ̀wọ̀ mélòó kan náà wà níbẹ̀.

"Bàbá mi ò gbọ́ Ìsókó, ìyá mi ò gbọ́ Ìgbìrà," ó wí. "Bùrókìn péréte tí wọ́n fi ń ṣiṣẹ́ ni wọ́n fi fẹ́ra. 'Kọm.' 'Go.' 'Chọp.' 'A taya.' Ó parí! Bí wọ́n bá ń jà, wọ́n á wulẹ̀ máa ju ọwọ́ ni, torí pé ọ̀rọ̀ ò kárí ìjà." Ó rẹ́rìn-ín, bàbá mi náà rẹ́rìn-ín. "Àmọ́ ọmọdé ò lè fi ọ̀rọ̀ mẹ́rin ṣeré òṣùpá. Àwa ọmọ kám̀pù gbà á lẹ́nu wọn, a tò ó, a fi kún un. Òun la fi pàlọ́, òun la fi sunkún, òun la fi bú ara wa. Nígbà tó yá, a máa ń sọ̀rọ̀, àwọn òbí wa á ní ká rọra, àwọn ò gbọ́ mọ́. Èdè wọn kọ́ la gbà. Àwa la bí i."

"Báwo ni Tahir ṣe wá di Dominic?" mo béèrè.

"Katikísì kan, olùkọ́ ìjọ Kátólíìkì, máa ń wá kọ́ wa ní ìwé. Ó rí i pé orí Tahir pé. Ó mú un lọ sí Ọ̀wọ̀, ó fi sílé ara rẹ̀, wọ́n ṣe ìrìbọmi fún un, wọ́n sọ ọ́ ní Dominic, ó sì fi orúkọ ìdílé ara rẹ̀ pè é."

Akínwọlé, orúkọ katikísì. Ilé là ń wò kí a tó sọ ọmọ lórúkọ. Ilé ta wá ni bàbá mi wò kó tó sọ èmi ní Ọmọ́lẹ́yẹ?

"Irọ́ ni!" Adégbénga fẹ́rẹ̀ẹ́ ké. "Bó bá jẹ́ òótọ́, ṣé wọn ò ní mẹ́nu kàn yín lẹ́ẹ̀kan rí ni?"

Ìyá arúgbó náà wò ó tàánútàánú. "Ọmọ mi, níbo ni bàbá rẹ máa ń lọ ní gbogbo ìparí oṣù?"

"Ìfọ̀n. Ìpàdé àwọn ọ̀gá ilé-ìwé tó ti fẹ̀yìn tì."

"Kò sí ìpàdé kankan ní Ìfọ̀n. Ọ̀dọ̀ mi ní kám̀pù ló ń wá. Èmi ni ìpàdé."

Ṣé ẹ rí i, n kò lè sọ pé inú mi dùn pé mo rí ẹ̀gbọ́n bàbá mi. Owú ló kọ́kọ́ jẹ mí. Ọdún gbọọrọ ni èmi àti ọkùnrin yìí jọ ń gbé, mò ń fọ aṣọ rẹ̀, mò ń se ọbẹ̀ rẹ̀, gbogbo oúnjẹ la jọ ń jẹ nínú ìdákẹ́jẹ́ bí ẹni wà ní ilé-ìjọsìn. Ṣé ó mọ ẹ̀rín rín báyìí? Ṣé gbogbo ẹ̀rín yẹn ló ń dì mọ́ra lọ sí Òkélúsè? Mo kúnlẹ̀ síwájú rẹ̀, mo fi Yorùbá bi í léèrè ìdí tí kò fi sọ fún wa.

Ó ní, "If a tẹl una, na una go fẹs laf mi. Na mi tich una di laf."

Bí òun bá sọ fún wa, àwa gan-an la máa kọ́kọ́ fi òun ṣe yẹ̀yẹ́, òun náà ló sì kọ́ wa ní yẹ̀yẹ́ ọ̀hún. Kò sí èyí tí n kò gbọ́ níbẹ̀.

Láti ìgbà náà ni bàbá mi ti bẹ̀rẹ̀ sí í jẹun, ohun kan ṣoṣo ló sì ń béèrè: kí a gbé òun lọ sí kám̀pù. Dókítà ní kò burú bí ọkọ̀ bá rọra lọ. Adégbénga kọ̀, ó tún kọ̀, nígbà tó yá ó ní òun fúnra òun ló máa wà á. Ó sọ fún mi ní ìkọ̀kọ̀ pé bí Bàbá bá ti fi ara àìsàn rí bí ibẹ̀ ṣe nira tó, ìlú á wù ú, á tètè ní ká padà.

A kọjá Ẹlẹ́gbẹ̀ka, níbi tí àwọn sójà ti dá wa dúró. "Wia una dẹ go?" ọ̀kan béèrè. Kí Adégbénga tó fi Gẹ̀ẹ́sì ọ́fíìsì rẹ̀ dáhùn, bàbá mi ti yọ orí láti ẹ̀yìn. "Ọfisa, a dẹ go mai mama haus." Sójà náà rẹ́rìn-ín, ó kí i, ó ṣí ọ̀nà. Adégbénga fún sítíárìn mọ́ ọwọ́ títí a fi ya sí ọ̀nà Òkélúsè, tí a sì wọ ọ̀nà erùpẹ̀.

Mo rò pé ahéré mélòó kan ni mo máa bá níbẹ̀. Àdúgbò ńlá ni! Ilé alábúlọ́ọ̀kù, ilé alámọ̀, mọ́sálásí, ṣọ́ọ̀ṣì, kòkó tí wọ́n sá sórí ilẹ̀. Àwọn èèyàn tú jáde. "Papa Tahir don kọm!" Wọ́n gbé e tòun ti kẹ̀kẹ́ rẹ̀ sábẹ́ igi máńgòrò, wọ́n rọ̀gbà yí i ká. Ọkùnrin kan fẹjọ́ ilẹ̀ sùn ún, bàbá mi sì dá a lẹ́bi lójú ẹsẹ̀, ó fi ohùn kan tí n kò gbọ́ rí nà án bí ẹgba. Ìyá ìkókó kan ń fi bùrókìn rẹ ọmọ tó ń ké, ó ń sọ fún un pé bàbá rẹ̀ á ti oko dé. Àwọn ọmọdé méjì ń jà, ọ̀kan ń fi orí ìyá ìkejì ṣèpè, kò sí ọ̀rọ̀ tó wọ́n ọn. Kò sí ohun tó fọ́ nínú èdè yẹn o. Odindi ni. Mo dúró síbẹ̀, ẹnu mi là sílẹ̀, mo rò ó pé àwọn wo gan-an la ti ń pè ní ẹni tí kò nílé tí kò lọ́nà láti ọjọ́ yìí.

Nígbà tí oòrùn ń rẹlẹ̀, Adégbénga ní ó yá. Ó lóṣòó níwájú Bàbá. "Bàbá, ẹ jẹ́ ká máa lọ sílé."

"Wich haus?" bàbá mi wí. "A don rich."

Adégbénga rò pé àwàdà ni. Ó fi Yorùbá bẹ̀ ẹ́. Ó fi Gẹ̀ẹ́sì bẹ̀ ẹ́. Ó fi ọ̀rọ̀ Ọ̀wọ̀ bẹ̀ ẹ́, ó ní ulé ń dúró dè wọ́n. Bàbá mi ń wò ó, ó ń gbọ́, ó ń mi orí. Kò lọ. Mo rí i tí ojú ẹ̀gbọ́n mi yí padà. Ó kúnlẹ̀ sínú erùpẹ̀ pẹ̀lú ṣòkòtò tó wọ̀ lọ sí ọ́fíìsì, ohun tó sì jáde lẹ́nu rẹ̀, n kò lérò pé mo lè gbọ́ ọ láyé mi.

"Dadi, abẹg. Abẹg, no du mi laik dis. If yu stay hia, hu a wan dẹ kọl papa fọ dat haus? Na yu bi ọl di haus we a gẹt."

Bùrókìn ni! Kò kọ́ ọ lójú ọ̀nà o. Kò jáde lẹ́nu rẹ̀ bó ṣe ń jáde lẹ́nu tèmi. Ó ń ṣàn bí omi, tẹkúntẹkún, bí ìgbà tí Màmá Ṣẹ̀fíátù ń sọ ọ́.

Bàbá mi tẹjú mọ́ ọn. "Gbenga," ó wí. "So yu sabi am."

"A sabi am sins skul, sa. Na wit am mi an mai frẹnd dẹm dẹ tọk. Na wit am a tost mai waif."

"Wai yu no ẹva tọk am wit mi?"

"A dẹ fia yu, sa."

Bàbá mi na ọwọ́ rẹ̀ tó yè, ó gbé e lé orí ọmọ rẹ̀ ọkùnrin. Omijé ń ṣàn lójú rẹ̀ méjèèjì, èyí tó yá àti èyí tí kò yá. "Mi sẹf," ó wí. "Ọl dis taim, a dẹ fia una."

Màmá Ṣẹ̀fíátù ní kí wọ́n gbé oúnjẹ wá. Kò sẹ́ni tó tún dárúkọ Ọ̀wọ̀ lọ́jọ́ náà. Adégbénga jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀, ó fi ẹ̀yìn ti kẹ̀kẹ́ Bàbá, àwọn méjèèjì sì bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀rọ̀, wọ́n ń já a gbà lẹ́nu ara wọn, wọ́n ń rẹ́rìn-ín, wọ́n ń yára sí i. Mo jókòó tì wọ́n, mo na etí mi sílẹ̀, ìdajì ni mò ń gbọ́.